Ta Ni Yóò Yan Ẹni Tí Yóò Gbọ́ Ẹjọ́? Ọ̀rọ̀ Ìgbìmọ̀ Ẹlẹ́ni Méje ní Ìpínlẹ̀ Oǹdó

Ní oṣù keje ọdún 2020, ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ló wà lẹ́nu àwọn èèyàn ní Alágbàká, ní Àkúrẹ́, níbi tí ọ́fíìsì gómìnà àti ọ̀pọ̀ iléeṣẹ́ ìjọba Ìpínlẹ̀ Oǹdó wà. Wọ́n fẹ́ yọ igbákejì gómìnà, Ọ̀gbẹ́ni Agboola Ajayi, nípò. Ó ti fi ẹgbẹ́ APC sílẹ̀ ní oṣù kẹfà, ó ti lọ sí PDP, òun àti ọ̀gá rẹ̀, Gómìnà Rotimi Akeredolu, kò sì rẹ́ mọ́. Ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin kọ ìwé ẹ̀sùn sí i. Ohun tí ọ̀pọ̀ nínú wa rò nígbà náà ni pé ọ̀rọ̀ ti bùṣe. Gómìnà ló ní èrò jù nínú ilé, abẹnugan sì wà pẹ̀lú rẹ̀. Kí ló tún kù?

Ohun tó kù ni ènìyàn méje tí òfin ní kí wọ́n gbọ́ ẹ̀sùn náà, àti ìbéèrè pé ta ni yóò yàn wọ́n.

Bí ìdìbò 2027 ṣe ń sún mọ́lé yìí, a ó tún máa gbọ́ orúkọ oríṣiríṣi ìgbìmọ̀ lórí rédíò láràárọ̀: ìgbìmọ̀ tó ń gbọ́ ẹ̀sùn ìdìbò, tí gbogbo wa ń pè ní tíríbúnà, ìgbìmọ̀ olùwádìí, ìgbìmọ̀ ẹlẹ́ni méje. Ohun tí àwọn èèyàn wa máa ń béèrè ni pé ẹgbẹ́ wo ni yóò jàre. Ìwọ̀nba díẹ̀ ló ń béèrè pé ta ló gbé àwọn onídàájọ́ náà jókòó, ta ló sì kọ ohun tí ènìyàn gbọ́dọ̀ ní kó tó lè jókòó síbẹ̀. Lójú tiwa, ìbéèrè kejì ló yẹ kó ṣáájú.

Abala 188 nínú ìwé òfin ilẹ̀ Nàìjíríà ti 1999 ló sọ bí a ṣe ń yọ gómìnà tàbí igbákejì rẹ̀. Bí ìdá kan nínú mẹ́ta àwọn aṣòfin bá fọwọ́ sí ìwé ẹ̀sùn, ẹ̀sùn ti wọlé. Láàrin ọjọ́ 14, ilé yóò pinnu, láìsí àríyànjiyàn, bóyá kí wọ́n wádìí ẹ̀sùn náà, ìdá méjì nínú mẹ́ta gbogbo ọmọ ilé ló sì gbọ́dọ̀ fara mọ́ ọn. Lẹ́yìn èyí ni abẹnugan yóò kọ̀wé sí adájọ́ àgbà ìpínlẹ̀ pé kó yan ènìyàn méje tí yóò ṣe ìwádìí. Ọjọ́ méje ni òfin fún adájọ́ àgbà. Ẹ wá wo irú ènìyàn tí òfin ní kó yàn: ẹni tí kò sí àbùkù nínú òtítọ́ rẹ̀, lójú adájọ́ àgbà fúnra rẹ̀. Kò gbọdọ̀ jẹ́ òṣìṣẹ́ ìjọba. Kò gbọdọ̀ jẹ́ aṣòfin. Kò gbọdọ̀ jẹ́ ọmọ ẹgbẹ́ òṣèlú kankan.

Òfin náà fún ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin ní àṣẹ láti ṣe ìlànà tí ìgbìmọ̀ ẹlẹ́ni méje yóò tẹ̀ lé: bí wọn yóò ṣe jókòó, bí wọn yóò ṣe pe ẹlẹ́rìí, bí wọn yóò ṣe gba ìwé ẹ̀rí. Àṣẹ ilé kò kọjá ibẹ̀. Wọn kò lè sọ pé lágbájá ni kó jẹ́ alága. Wọn kò lè kọ ọ́ sínú ìlànà pé ọmọ ẹgbẹ́ wa náà lè wọ̀ ọ́, tàbí pé ọ̀gá iléeṣẹ́ ìjọba kan gbọ́dọ̀ wà níbẹ̀. Ohun tí ìwé òfin kọ nípa irú ẹni tó yẹ, wọn kò lè fi kún un, wọn kò sì lè yọ nínú rẹ̀. Àwọn aṣòfin ló mú ẹ̀sùn wá. Bí ìwádìí bá fi hàn pé ẹ̀sùn náà rí bẹ́ẹ̀, àwọn náà ni yóò tún dìbò lórí àbájáde rẹ̀. Ibì kan ṣoṣo tó wà láàrin tí ọwọ́ wọn kò gbọdọ̀ dé ni ìgbà tí ẹni tí wọ́n fẹ̀sùn kàn ń sọ tẹnu rẹ̀. Yorùbá ti sọ pé agbẹ́jọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà ni. Ẹ̀gbẹ́ kejì ẹjọ́ ni àwọn méje yìí wà fún.

Ẹ jẹ́ ká padà sí 2020. Aṣòfin 26 ló wà nínú ilé. Ìdá méjì nínú mẹ́ta wọn jẹ́ 18. Àwọn 14 ló fọwọ́ sí ìgbésẹ̀ náà, àwọn 9 sì kọ̀wé pé àwọn kò sí nínú rẹ̀. Síbẹ̀, abẹnugan ìgbà náà, Bamidele Oleyelogun, kọ̀wé sí adájọ́ àgbà, Oluwatoyin Akeredolu, pé kó yan àwọn méje. Orúkọ ìdílé kan náà ni adájọ́ àgbà yìí àti gómìnà ń jẹ́, àwọn èèyàn sì ti ń fojú èyí wo ọ̀rọ̀ náà. Ìyá náà dá wọn lóhùn pé òun kò ní yan ẹnikẹ́ni: iye tí òfin béèrè kò pé, ọ̀rọ̀ náà sì ti wà níwájú ilé ẹjọ́. Bí ọ̀rọ̀ ṣe tán nìyẹn. Ajayi wà nípò títí sáà wọn fi parí ní oṣù kejì ọdún 2021.

Ó lé díẹ̀ ní ọdún mẹ́ta, nǹkan náà tún ṣẹlẹ̀. Ní oṣù kẹsàn-án 2023, Ọ̀gbẹ́ni Lucky Aiyedatiwa ló wà nípò igbákejì. Ara Gómìnà Akeredolu kò yá, ó ti lọ gba ìtọ́jú ní Jámánì, nígbà tó sì padà dé, Ìbàdàn ló ń gbé. Ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin, tí Olamide Oladiji jẹ́ abẹnugan rẹ̀, kọ ìwé ẹ̀sùn sí igbákejì gómìnà. Aiyedatiwa gba ilé ẹjọ́ gíga ìjọba àpapọ̀ ní Abuja lọ, ilé ẹjọ́ náà sì pàṣẹ pé kí wọ́n dúró ná. Abẹnugan kọ̀wé sí adájọ́ àgbà, Olusegun Odusola, fún ìgbìmọ̀ ẹlẹ́ni méje. Adájọ́ àgbà fèsì pé àṣẹ ilé ẹjọ́ yẹn ti so òun lọ́wọ́, kí wọ́n lọ wá bí wọn yóò ṣe mú un kúrò ná. Ní oṣù kọkànlá, Ààrẹ Tinubu pe gbogbo wọn sí Abuja, wọ́n sì pa ọ̀rọ̀ náà tì. Ní ọjọ́ 27 oṣù kejìlá, Akeredolu jáde láyé. Ọjọ́ náà gan-an ni wọ́n búra fún Aiyedatiwa gẹ́gẹ́ bí gómìnà.

Ẹ rò ó wò. Ká ní adájọ́ àgbà ti yan ènìyàn méje tí wọ́n kọ orúkọ wọn fún un ní oṣù kẹwàá ọdún náà, ẹlòmíràn ni wọn ì bá búra fún ní oṣù kejìlá. Àwọn igbákejì gómìnà méjèèjì tí a dárúkọ yìí ló sì tún pàdé nínú ìdìbò gómìnà ọjọ́ 16 oṣù kọkànlá 2024, Aiyedatiwa fún APC, Ajayi fún PDP. Ẹni tí wọ́n fẹ́ yọ ní 2023 ló borí ẹni tí wọ́n fẹ́ yọ ní 2020.

A kò gbèjà ẹnikẹ́ni nínú àwọn méjèèjì. Bóyá wọ́n jẹ̀bi, bóyá wọn kò jẹ̀bi, kò sí ìgbìmọ̀ kankan tó jókòó gbọ́ ẹjọ́ wọn, àwọn ará ìpínlẹ̀ kò sì gbọ́ òpin ẹ̀sùn tí wọ́n kà sí wọn lọ́rùn. Èyí jẹ́ àdánù, a kò sì ní fi í pamọ́. Ṣùgbọ́n àdánù tó ju èyí lọ wà, ẹ̀gbẹ́ wa níbí náà ló sì ti ṣẹlẹ̀.

Ìpínlẹ̀ Èkìtì wà lára Oǹdó títí di 1996. Ní ọdún 2006, àwọn aṣòfin Èkìtì fẹ́ yọ Gómìnà Ayodele Fayose. Adájọ́ àgbà, Kayode Bamisile, yan ènìyàn méje. Wọ́n jókòó, wọ́n gbọ́ ẹjọ́, wọ́n sì ní Fayose kò jẹ̀bi. Òfin ní bí ìgbìmọ̀ bá ti sọ bẹ́ẹ̀, ọ̀rọ̀ ti parí, ilé kò gbọdọ̀ ṣe ohunkóhun mọ́. Àwọn aṣòfin ní rárá, àwọn ọ̀rẹ́ Fayose ni wọ́n kó jọ síbẹ̀. Wọ́n ní kí adájọ́ àgbà lọ jókòó sílé, wọ́n fi Jide Aladejana sí ipò rẹ̀, òun náà yan ènìyàn méje mìíràn, àwọn yẹn sì ní Fayose jẹ̀bi. Adájọ́ àgbà gbogbo Nàìjíríà nígbà náà, Alfa Belgore, ọmọ Ìlọrin, sọ pé ohun tí wọ́n ṣe yẹn lòdì sí òfin. Wọn kò gbọ́. Wọ́n yọ Fayose ní ọjọ́ 16 oṣù kẹwàá, láàrin ọjọ́ díẹ̀ Ààrẹ Obasanjo kéde pé ìlú kò fararọ, ó sì rán ọ̀gágun kan, Tunji Olurin, láti wá máa ṣàkóso Èkìtì. Ọdún mẹ́jọ lé ni ó gbà kí ilé ẹjọ́ tó ga jùlọ tó sọ, ní oṣù kẹrin 2015, pé ìgbìmọ̀ kejì yẹn kò bófin mu, pé yíyọ tí wọ́n yọ Fayose kò sì lẹ́sẹ̀ nílẹ̀.

Ó ṣeé ṣe kí àwọn aṣòfin Èkìtì ti sọ òótọ́ pé ọ̀rẹ́ gómìnà wà nínú ìgbìmọ̀ àkọ́kọ́. Bó bá rí bẹ́ẹ̀, ilé ẹjọ́ ni ọ̀nà wọn. Kí ẹni tó fẹ̀sùn kan ènìyàn kọ èsì tí kò dùn mọ́ ọn, kó lé ẹni tó yan onídàájọ́ lọ, kó fi ẹlòmíràn sí i, kó sì tún ẹjọ́ dá, kò sí ẹni tí ọkàn rẹ̀ yóò balẹ̀ ní irú ìlú bẹ́ẹ̀.

Ní ọdún kan náà ni ti Ìbàdàn. Aṣòfin 18 nínú 32, tí wọ́n ti lọ jókòó ní òtẹ́ẹ̀lì, yọ Gómìnà Rashidi Ladoja ní ọjọ́ 12 oṣù kìíní 2006, nígbà tó jẹ́ pé 22 ni òfin béèrè. Wọ́n gbára lé ìlà kan nínú abala 188 tó sọ pé ilé ẹjọ́ kò gbọdọ̀ dá sí ọ̀rọ̀ ìyọnípò. Ní ọjọ́ 7 oṣù kejìlá, ilé ẹjọ́ tó ga jùlọ dá wọn lóhùn pé ìlà yẹn kò dáàbò bo ẹni tí kò tẹ̀ lé àwọn ìlà tó ṣáájú rẹ̀. Ladoja padà sí ọ́fíìsì. Ìdájọ́ yìí ló fún ọ̀rọ̀ ìgbìmọ̀ ẹlẹ́ni méje ní eyín títí di òní.

Àwa tí a kẹ́kọ̀ọ́ ní ilé kéú kò ní gbàgbé ìtàn Alíyù, Kálífà, àti Ṣuráìhù adájọ́. Alíyù ní ẹ̀wù irin tó wà lọ́wọ́ ọkùnrin kan, tí kì í ṣe Mùsùlùmí, tòun ni. Wọ́n dé iwájú Ṣuráìhù. Adájọ́ béèrè ẹlẹ́rìí, Kálífà mú ọmọ rẹ̀ wá, Ṣuráìhù ní ẹ̀rí ọmọ fún bàbá kò wọlé, ó sì dá ọkùnrin náà láre. Ohun tí àwọn olùkọ́ wa máa ń tọ́ka sí níbẹ̀ ni ìwà tútù Kálífà. Àwa máa ń rò nípa adájọ́. Abẹ́ Kálífà ló wà, Kálífà lè yọ ọ́ lọ́jọ́ kejì, síbẹ̀ ó sọ bẹ́ẹ̀ fún un. Irú Ṣuráìhù kò pọ̀ láyé, ìdí nìyẹn tí ìwé òfin fi ń gbìyànjú láti mú ọwọ́ ọlọ́lá jìnnà sí ẹni tí yóò gbọ́ ẹjọ́ rẹ̀.

Kì í ṣe Nàìjíríà nìkan ni wọ́n ti ń fa èyí. Ní Íńdíà, tíríbúnà pọ̀ lọ jàra, lórí owó orí, lórí ọ̀rọ̀ àyíká, lórí ẹjọ́ òṣìṣẹ́, ìjọba fúnra rẹ̀ sì ni olùjẹ́jọ́ nínú ọ̀pọ̀ nínú wọn. Ní 2017, wọ́n ṣe òfin kan tó gbé ọ̀rọ̀ irú ẹni tó lè jẹ́ ọmọ tíríbúnà, bí wọn yóò ṣe yàn án, iye ọdún tí yóò lò àti bí wọn yóò ṣe yọ ọ́, lé ìjọba àpapọ̀ lọ́wọ́, kí ìjọba kàn kọ ìlànà rẹ̀. Ní oṣù kọkànlá 2019, ilé ẹjọ́ gíga jùlọ wọn fagi lé ìlànà náà, nítorí pé kò bójú mu kí olùjẹ́jọ́ ní ọwọ́ tó pọ̀ tó bẹ́ẹ̀ nínú yíyan ẹni tí yóò gbọ́ ẹjọ́ rẹ̀. Ìjọba tún padà wá ní 2021: ẹni tí kò bá tíì pé ẹni 50 ọdún kò lè wọ̀ ọ́, ọdún mẹ́rin péré ni yóò sì lò. Ilé ẹjọ́ tún fagi lé e ní oṣù keje ọdún náà. Ní oṣù kẹjọ, ilé aṣòfin wọn dá a padà bó ṣe wà. Ní oṣù kọkànlá 2025, ilé ẹjọ́ tún fagi lé e. Ọ̀rọ̀ ọdún mẹ́rin yẹn lè dà bí nǹkan kékeré, ṣùgbọ́n ẹni tó mọ̀ pé lẹ́yìn ọdún mẹ́rin òun yóò tún padà tọrọ iṣẹ́ lọ́wọ́ ìjọba, ṣé yóò dá ìjọba lẹ́bi ní ọdún kẹta?

Ní tiwa, àwọn tó kọ ìwé òfin kọ ọ̀pọ̀ nínú èyí sínú rẹ̀ tààrà, kí gómìnà tàbí ààrẹ má lè fi ìlànà yí i padà. Ẹ wo tíríbúnà ìdìbò. Alága rẹ̀ gbọ́dọ̀ jẹ́ adájọ́ ilé ẹjọ́ gíga. Àwọn méjì tó kù lè wá láti inú àwọn adájọ́ ilé ẹjọ́ gíga, àwọn Kádì ilé ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn Sharia, àwọn adájọ́ ilé ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn ti ìbílẹ̀, tàbí àwọn mìíràn nínú iṣẹ́ ìdájọ́ tí ipò wọn kò rẹlẹ̀ ju ti olórí májísíréètì lọ. Olórí ilé ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn ló ń yàn wọ́n, kì í ṣe ìjọba tó fẹ́ borí nínú ìdìbò. Irú tíríbúnà bẹ́ẹ̀, tí Adájọ́ Garba Nabaruma jẹ́ alága rẹ̀, ló jókòó ní Àkúrẹ́ tó sọ ní ọjọ́ 25 oṣù keje 2008 pé Dókítà Olusegun Mimiko ló wọlé ìdìbò 2007, nígbà tí Dókítà Olusegun Agagu ṣì wà lórí àga gómìnà. Ká ní gómìnà tó wà lórí àga ló ń kọ ohun tí ọmọ tíríbúnà gbọ́dọ̀ ní, ṣé ẹ rò pé ìdájọ́ náà yóò jáde bẹ́ẹ̀?

Ọ̀rọ̀ Kádì yìí, ọ̀pọ̀ Mùsùlùmí ilẹ̀ Yorùbá kò mọ̀ ọ́n. Ilé ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn Sharia kò sí ní Oǹdó, àwọn tó ń tako ohunkóhun tó bá ti ń jẹ́ Sharia ní agbègbè wa sì pọ̀. Síbẹ̀ ìwé òfin kan náà tí wọ́n ń tọ́ka sí ka Kádì mọ́ àwọn tó yẹ láti gbọ́ ẹjọ́ ìdìbò. Ìwé òfin yìí náà ló sọ ẹni tó lè jẹ́ Kádì: lọ́yà ọdún 10 tó tún kọ́ ẹ̀kọ́ òfin Ìsìláàmù, tàbí ẹni tó ti gba ìwé ẹ̀rí nínú òfin Ìsìláàmù láti ilé ẹ̀kọ́ tí àjọ NJC tó ń rí sí ọ̀rọ̀ àwọn adájọ́ fọwọ́ sí, tó ti pé ọdún 10 lọ́wọ́ rẹ̀, tó sì ní ìrírí tàbí ìmọ̀ tó jinlẹ̀. Gómìnà kan kò lè jí lọ́jọ́ kan kó fi àlùfáà tó ń gbàdúrà fún un ṣe Kádì.

Ti ìgbìmọ̀ ẹlẹ́ni méje yàtọ̀, torí kò béèrè ìwé ẹ̀rí rárá. Olùkọ́ àgbà tó ti fẹ̀yìn tì lè wọ̀ ọ́, ìyálọ́jà lè wọ̀ ọ́, àlùfáà tó jáde ní Márkàsì lè wọ̀ ọ́. Ibi tí òfin ti le ni àwọn tó yọ sílẹ̀, Alágbàká ló sì ti máa ń hàn. Ìtumọ̀ òṣìṣẹ́ ìjọba nínú abala 318 gbòòrò ju akọ̀wé sẹkitéríàtì lọ. Ó kan òṣìṣẹ́ ìjọba ìbílẹ̀, olùkọ́ ilé ẹ̀kọ́ tí ìjọba ń ná owó lé lórí, àti ọmọ ìgbìmọ̀ tàbí àjọ tí òfin ìpínlẹ̀ bá dá sílẹ̀. Bí òfin ìpínlẹ̀ bá dá ìgbìmọ̀ tó ń rí sí ìrìnàjò Hájì sílẹ̀, a jẹ́ pé àwọn ọmọ ìgbìmọ̀ náà, láti ibi alága dé orí àlùfáà tó kéré jù níbẹ̀, kò lè wọlé. Kí a tó wá dé orí àwọn tó ń kó káàdì ẹgbẹ́ òṣèlú sápò agbádá, tí wọ́n ń jókòó sí ìlà iwájú nígbà ìpolongo. Àwa náà máa ń ráhùn pé wọn kì í ka àwọn aáfà mọ́ irú ìgbìmọ̀ báyìí. Ó yẹ ká ka iye aáfà tó kù lẹ́yìn tí a bá ti yọ àwọn wọ̀nyí.

Ihò kan sì ṣì wà nínú ètò náà. Adájọ́ àgbà tó ń yan àwọn méje, gómìnà ló ń yan òun náà, bó tilẹ̀ jẹ́ pé NJC ló ń dá orúkọ lábàá, tí ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin sì ń fọwọ́ sí i. Ohun tí òfin béèrè nípa òtítọ́ àwọn méje, ojú rẹ̀ nìkan ló fi sí. Kò sí ibi tí òfin ti ní kó gbé orúkọ wọn síta kí wọ́n tó búra fún wọn, kí ará ìlú tó mọ̀ pé lágbájá ti gba káàdì ẹgbẹ́ ní wọ́ọ̀dù rẹ̀ lè wí. Ìlànà ìjókòó tí òfin ní kí ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin ṣe kò kan yíyàn, nítorí náà ilé kò lè fi tipátipá mú adájọ́ àgbà gbé orúkọ síta. Ṣùgbọ́n adájọ́ àgbà fúnra rẹ̀ lè ṣe é. Nínú ọjọ́ méje tí òfin fún un, ó lè lẹ orúkọ àwọn méje mọ́ ara ògiri ilé ẹjọ́ fún ọjọ́ mẹ́ta péré, kó gba ìwé lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni tó bá ní ẹ̀rí, kó sì pààrọ̀ ẹni tó bá yẹ kó pààrọ̀ kí ọjọ́ méje tó pé.